Ǹjẹ́ Yorùbá Ní Ọ̀la? John Mbiti àti Ìbéèrè Rẹ̀ Nípa Ìgbà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ìgbà kì í lọ bí òréré, ayé kì í lọ bí ọ̀pá ìbọn. Ọ̀rọ̀ ìgbà yìí gan-an ni mo fẹ́ bá yín sọ lónìí, pẹ̀lú ìtàn amòye ilẹ̀ Áfíríkà kan tí ó fi ọ̀rọ̀ náà dá àríyànjiyàn sílẹ̀, àríyànjiyàn tí kò tíì parí títí di òní olónìí.

Ìdí tí mo fi yan ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà. Ọ̀tà ni mo ń gbé, agbègbè yìí náà ni mo sì ti ń kọ́ni. Ní àdúgbò àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá tí ó wà ní Ṣàngó Ọ̀tà, bí òṣìṣẹ́ bá pẹ́ dé ẹnu géètì, ohun tí yóò kọ́kọ́ gbọ́ ni "Áfíríkàn táìmù". Ẹni tí ó sọ ọ́ lè máa rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ẹ̀gàn ni. Ó túmọ̀ sí pé àìbọ̀wọ̀ fún àkókò wà nínú ẹ̀jẹ̀ wa. Ní yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ ẹ̀wẹ̀, ọ̀rọ̀ yìí kan náà máa ń wọlé pẹ̀lú agbádá ìmọ̀ lọ́rùn. Akẹ́kọ̀ọ́ yóò kọ ọ́ sínú àpilẹ̀kọ rẹ̀ pé ọmọ Áfíríkà kò ní èrò nípa ọjọ́ iwájú, yóò sì pe Mbiti ní ẹlẹ́rìí. Bí ẹ bá bi í léèrè ẹni tí Mbiti jẹ́, èdè tí ó yẹ̀ wò, tàbí ohun tí ó ń wá kiri nígbà tí ó kọ ohun tí ó kọ, kò ní lè dáhùn. Ohun tí ó sì wà nínú ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe kékeré: bí ènìyàn bá gbà pé èdè bàbá òun kò ní ọ̀la, kí ni yóò tún fi èdè náà ṣe?

Ta ni John Mbiti?

Ọjọ́ 30 oṣù kọkànlá, ọdún 1931, ni a bí John Samuel Mbiti ní Mulango, ní agbègbè Kitui, ní ilẹ̀ Kẹ́ńyà. Ọmọ ẹ̀yà Kamba ni, Kikamba sì ni èdè abínibí rẹ̀. Ó kàwé ní Makerere ní ilẹ̀ Ùgáńdà, ó tẹ̀ síwájú lọ sí Amẹ́ríkà, lẹ́yìn náà ni ó gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Yunifásítì Cambridge ní ọdún 1963. Ó di àlùfáà nínú ìjọ Áńgílíkà. Láti 1964 títí di 1974, ó kọ́ni ní Makerere. Lẹ́yìn èyí ni ó kọjá sí ilẹ̀ Swítsàlandì, níbi tí ó ti ṣiṣẹ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ Bossey, tí í ṣe ti Ìgbìmọ̀ Àwọn Ìjọ Àgbáyé. Ó tún ṣe àlùfáà ìjọ ní ìlú Burgdorf, ó sì kọ́ni ní Yunifásítì Bern. Ní Burgdorf náà ni ó kú sí ní ọjọ́ 6 oṣù kẹwàá, ọdún 2019, lẹ́ni ọdún 87.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ sí ọ̀rọ̀ Cambridge yẹn, nítorí ibẹ̀ ni gbòǹgbò gbogbo rẹ̀ wà. Ohun tí Mbiti ṣe ìwádìí lé lórí níbẹ̀ ni ẹ̀kọ́ Májẹ̀mú Titun nípa òpin ayé, àti bí àwọn Kamba ṣe gba ẹ̀kọ́ náà lẹ́nu àwọn òyìnbó ajíhìnrere. Ìwé tí ó ti inú iṣẹ́ yìí jáde ní ọdún 1971. Àwọn ajíhìnrere wàásù pé Olúwa ń bọ̀. Mbiti ṣàkíyèsí pé bí a bá sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ní Kikamba, ohun tí etí ń gbọ́ ni ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ láìpẹ́, nítorí pé, ní ojú tirẹ̀, ọ̀rọ̀-ìṣe èdè náà kò ní ìlò tí ó lè gbé ohun tí ó jìnnà réré. Nítorí náà, ìbéèrè ògbufọ̀ ni ó kọ́kọ́ bá Mbiti jà: báwo ni a ṣe lè sọ "ìgbẹ̀yìn" ní èdè ìyá mi kí ó má ba à di "ọ̀túnla"?

Ohun tí ó sọ

Ní ọdún 1969 ni ó tẹ ìwé rẹ̀ tí ó lókìkí jù lọ jáde, African Religions and Philosophy. Nínú ìwé náà ni ó ti lo ọ̀rọ̀ Swahili méjì, Sasa àti Zamani. Sasa ni ìsinsìnyí, pẹ̀lú àná tí a ṣì rántí àti díẹ̀ nínú ohun tí ó fẹ́ẹ̀ ṣẹlẹ̀. Zamani ni ìgbà ìwáṣẹ̀, òkun ńlá tí gbogbo ìṣẹ̀lẹ̀ ń ṣàn lọ sínú rẹ̀. Lójú Mbiti, ìṣẹ̀lẹ̀ ni ó ń dá ìgbà sílẹ̀; ohun tí kò tíì ṣẹlẹ̀ kò tíì di ìgbà. Nítorí bẹ́ẹ̀, ẹ̀yìn ni ọmọ Áfíríkà ń wò, ọjọ́ iwájú tí ó jìnnà kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí nínú èrò rẹ̀ rárá.

Ẹ̀rí rẹ̀ ni ọ̀rọ̀-ìṣe. Ó to ìlò àsìkò èdè Kikamba àti Gikuyu sórí àtẹ kan. Èyí tí ó jìnnà jù níwájú kò kọjá nǹkan bí oṣù 6; ó sì ní ohun tí ó bá ti ju ọdún 2 lọ, èrò kò fẹ́rẹ̀ẹ́ lè dì í mú. Láti ibẹ̀ ni ó ti na ọwọ́ ìdájọ́ náà dé orí ilẹ̀ Áfíríkà yòókù.

Kí a tó bá a jiyàn, ó yẹ kí a fún un ní ẹ̀tọ́ rẹ̀. Ní àkókò tí ó ń kọ̀wé, ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé òyìnbó ni ó gbà pé àwa kò ní ìmọ̀ èrò-ìjìnlẹ̀ kankan. Mbiti wo inú èdè Áfíríkà, ó ní ìmọ̀ wà níbẹ̀, ẹ wá yẹ̀ ẹ́ wò. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ pé ìṣẹ̀lẹ̀ ni ó ń dá ìgbà sílẹ̀ kò sì ṣàjèjì sí wa. Ní ìpínlẹ̀ Ògùn yìí, ọ̀pọ̀ àgbàlagbà ni a bí láìsí ìwé ìbí, tí wọ́n sì ń fi ogun Àdùbí ti ọdún 1918 ṣe ìṣirò ọjọ́ orí ara wọn tàbí ti òbí wọn. Ìṣẹ̀lẹ̀ ni kàlẹ́ńdà wọn.

Ọ̀rọ̀-ìṣe kì í ṣe òṣùwọ̀n èrò

Níbi tí iṣẹ́ tèmi ti wọ ọ̀rọ̀ yìí ni ibi ẹ̀rí tí Mbiti dìrọ̀ mọ́. Ẹ jẹ́ kí a gbé ìlànà rẹ̀, kí a sì fi wọn èdè tiwa.

Ní èdè Yorùbá, ọ̀rọ̀-ìṣe kì í yí padà. A máa ń sọ pé "Wọ́n gba owó láàárọ̀ yìí." A tún máa ń sọ pé "Ẹ̀gbá gba Ọ̀tà ní ọdún 1842." Wákàtí díẹ̀ ni ó wà láàárín wa àti gbólóhùn àkọ́kọ́, ó ti lé ní ọgọ́sàn-án ọdún láàárín wa àti èkejì. Síbẹ̀ "gba" ni "gba" ń jẹ́ nínú méjèèjì, kò sí wúnrẹ̀n kankan níwájú rẹ̀ tí ó sọ pé ohun náà ti kọjá. Bí ó bá wá di ọ̀rọ̀ ọjọ́ iwájú, wúnrẹ̀n pọ̀ lọ́wọ́ wa: yóò, á, ó, máa, bí a bá sì fẹ́ ṣe ìyísódì, a ní kì yóò àti kò ní.

Ǹjẹ́ ẹ rí ibi tí ìlànà náà ń gbé wa lọ? Bí ó bá jẹ́ pé ohun tí a bá sàmì sí lórí ọ̀rọ̀-ìṣe nìkan ni a ń rò, a jẹ́ pé Yorùbá kò mọ àná rárá, ọ̀la nìkan ni ó mọ̀! Ta ni yóò sọ bẹ́ẹ̀ nípa àwọn tí ó ni oríkì, tí ó ni ìtàn, tí ó sì ń pe orúkọ bàbá ńlá wọn ní gbogbo àárọ̀? Láti ìgbà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé ti tẹ ìwé gírámà rẹ̀ jáde ní ọdún 1966 ni àwọn onímọ̀ ẹ̀dá-èdè wa ti ń ṣe àyẹ̀wò yóò, máa àti àwọn ẹgbẹ́ wọn. Àwọn kan ní àsìkò ni wọ́n ń tọ́ka sí, àwọn kan ní ìpinnu tàbí ohun tí a kò tíì rí dájú ni. Ibi yòówù tí àríyànjiyàn náà bá já sí, kò sí ìkankan nínú àwọn wúnrẹ̀n wọ̀nyí tí ó ní odi níwájú. Nípa igi kan náà, a lè sọ pé "Yóò so lọ́la," "Yóò so lẹ́yìn ọdún méje," àti "Yóò so lẹ́yìn ikú wa." Yóò kan náà ni.

Èdè Gẹ̀ẹ́sì pàápàá kò ní ọ̀rọ̀-ìṣe tí ń yí padà fún ọjọ́ iwájú. Wúnrẹ̀n tí ó ń lò fún un, láti inú ọ̀rọ̀ àtijọ́ tí ó túmọ̀ sí "fẹ́" ni ó ti ṣẹ̀ wá. Kò sí ẹni tí ó tìtorí èyí sọ pé àwọn Gẹ̀ẹ́sì kò mọ ọ̀la. Irú àṣìṣe yìí ti ṣẹlẹ̀ ní Amẹ́ríkà rí. Benjamin Whorf, tí ó kú ní 1941, ní èdè àwọn Hopi kò ní ọ̀rọ̀ tàbí ìlò gírámà kankan tí ó tọ́ka sí àkókò ní tààrà. Ní 1983, Ekkehart Malotki, ọmọ Jámánì tí ó lọ bá àwọn Hopi, tẹ ìwé tí ó ju ojú-ìwé 600 lọ jáde, èyí tí ó kún fún ọ̀rọ̀ àkókò láti ẹnu àwọn Hopi fúnra wọn.

Ọ̀rọ̀ àkókò tiwa náà kò kéré. A ní àná, ìjẹta àti ìjẹrin. A ní ọ̀la àti ọ̀túnla. A ní èṣí, ìdúnta àti àmọ́dún. A máa ń dárúkọ ọjọ́ iwájú, a sì tún máa ń gbàdúrà kí ẹ̀yìn ọ̀la wa dára, tí ó fi jẹ́ pé iwájú àti ẹ̀yìn ni a fi ń pe ohun tí kò tíì dé. Bí a bá ní "ìwòyí àmọ́dún", a ti gbé òní lọ sí ibi tí òní kò tíì dé, a sì ti dúró níbẹ̀.

Obì, èésú àti ọrún

Ẹlòmíràn lè ní ọ̀rọ̀ ẹnu lásán ni gbogbo èyí, kí ni àwọn baba wa fi ọ̀la ṣe? Ẹ jẹ́ kí a wo ilẹ̀ Ọ̀tà fúnra rẹ̀.

Kí ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ tó dé, iṣẹ́ oko ni iṣẹ́ ibí, obì sì wà lára ohun tí ó sọ agbègbè náà di olókìkí. Ní ọ̀rúndún tí ó kọjá, àwọn àgbẹ̀ Agége, Ọ̀tà àti Abẹ́òkúta gbin obì gbànja lọ́pọ̀lọpọ̀, wọ́n sì ń kó o ránṣẹ́ sí òkè Ọya. Obì tí a bá fi irúgbìn gbìn lè gbà tó ọdún 5 sí 7 kí ó tó kọ́kọ́ so, ó sì lè tó ọdún 15 sí 20 kí ó tó máa so dáadáa. Ẹ fi èyí wé ọdún 2 tí Mbiti ní èrò kò lè kọjá. Àgbẹ̀ tí ó gbin obì lẹ́ni àádọ́ta ọdún mọ̀ pé fún ọmọ òun ni òun ń gbin ín. Kò kọ ìwé nípa àkókò, ṣùgbọ́n oko rẹ̀ jẹ́ ìwé.

Ẹ wo èésú náà. Samuel Johnson mẹ́nu bà á nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí ó parí ní 1897, tí a sì tẹ̀ jáde ní 1921. William Bascom, ọmọ Amẹ́ríkà tí ó ṣe ìwádìí ní Ilé-Ifẹ̀, kọ àpilẹ̀kọ odindi lé e lórí ní 1952. Títí di òní, àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ní Ṣàngó ń dá a, bí wọ́n tilẹ̀ ń pè é ní àjọ. Bí ènìyàn méjìlá bá ń dá owó lóṣooṣù, ẹni tí yóò kó kẹ́yìn yóò dúró fún ọdún kan gbáko. Owó oṣù kìíní tí ó gbé lé ọwọ́ ẹlòmíràn, ìgbàgbọ́ nínú oṣù kejìlá ni. Ta ni ó lè ṣe èyí bí kò bá lè rí oṣù tí ó kọjá ìkẹfà lọ́kàn?

Ọ̀sẹ̀ àtijọ́ tiwa pàápàá, iwájú ni ó ń kà. Ọjọ́ mẹ́rin ni, ṣùgbọ́n nítorí pé a máa ń ka ọjọ́ tí a wà mọ́ ọn, ọrún ni a ń pè é. Ọjà tí a ń ná ní ọjọ́ mẹ́jọ mẹ́jọ ni ọjà ìsán. Ìpàdé ọjọ́ mẹ́rìndínlógún ni ìtàdógún. Gbogbo wọn ni àdéhùn pẹ̀lú ọjọ́ tí kò tíì dé. Òwe kan sì wà tí ó so gbogbo rẹ̀ pọ̀: bí òní ṣe rí, ọ̀la kì í rí bẹ́ẹ̀, ni babaláwo fi ń dífá ọrọọrún. Ẹni tí ó dá òwe yìí mọ̀ pé ọ̀la wà, ó mọ̀ pé ó yàtọ̀ sí òní, ó sì ti yan ọjọ́ tí yóò máa bi í léèrè.

Àwọn tí ó dá a lóhùn, àti ibi tí ó ti jàre

Èmi kọ́ ni ẹni àkọ́kọ́ tí yóò bá Mbiti jiyàn. Ní ọdún 1987, Kwame Gyekye ti ilẹ̀ Gánà fi èdè Akan dá a lóhùn. Ó fi hàn pé Akan ní ọ̀rọ̀ gidi fún ọjọ́ iwájú tí ó jìnnà, àti pé ohun tí a rí ní Kitui kò lè di òfin fún gbogbo Áfíríkà. Ṣáájú rẹ̀, ní ìparí àwọn ọdún 1970, John Ayoade ti Ìbàdàn ti kọ àpilẹ̀kọ kan lórí àkókò nínú èrò Yorùbá. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ mi, bí ẹ bá fẹ́ kọ̀wé lórí Yorùbá, kí ló dé tí ẹ óò fi máa fi Kitui jẹ́rìí, tí ẹ óò sì fi Ìbàdàn sílẹ̀?

Síbẹ̀, ibi kan wà tí ọ̀rọ̀ Mbiti ti wọ̀ mí lára. Ó ní ẹni tí ó bá kú kì í kúrò nínú Sasa níwọ̀n ìgbà tí ẹnìkan bá ṣì wà tí ó mọ̀ ọ́n lórúkọ. Ìgbà tí ẹni ìkẹyìn tí ó rántí rẹ̀ bá lọ ni ó tó rì sínú Zamani. Ẹni tí ó bá rí egúngún ilé kan ní Ọ̀tà, ìlú Àwórì yìí, tí ó rí bí àwọn obìnrin ilé ṣe ń kí i tí wọ́n sì ń ki í, yóò mọ ohun tí Mbiti ń sọ. Ohun tí Yorùbá fi kún un ni oríkì, nítorí oríkì orílẹ̀ máa ń di orúkọ mú lẹ́yìn tí ojú tí ó rí olórúkọ ti dí. Bẹ́ẹ̀ ni Babátúndé àti Ìyábọ̀ ń sọ fún wa pé ẹni tí ó ti lọ lè tún yọ ní iwájú. Ìgbà kì í lọ bí òréré nítòótọ́.

Aago ẹnu géètì

Ẹ jẹ́ kí a padà sí ẹnu géètì ilé-iṣẹ́. Òṣìṣẹ́ tí ṣíìfútì rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní aago méje òwúrọ̀, tí ó jí ní aago mẹ́rin, tí ó wá há sínú sún-kẹẹrẹ fà-kẹẹrẹ ọkọ̀ lójú ọ̀nà Ìdí-Ìrókò, kò pẹ́ nítorí èdè tí ó ń sọ. Aago ẹ̀rọ sì ṣòro fún gbogbo ayé ní ìbẹ̀rẹ̀. Ní 1967, E. P. Thompson, òpìtàn ọmọ Gẹ̀ẹ́sì, kọ̀wé bí àwọn alágbàṣe ilẹ̀ rẹ̀ ṣe ń fi ọjọ́ Ajé sinmi ní tiwọn, kí àwọn ọlọ́jà ẹ̀rọ tó fi aago, owó ìtanràn àti ilé-ẹ̀kọ́ tẹ̀ wọ́n lórí ba. Kò sí ẹni tí ó pe ìyẹn ní "Yúróòpù táìmù".

Ohun tí Mbiti fi sílẹ̀ fún wa nìyí: ó kọ́ wa pé kí a wá èrò ilẹ̀ Áfíríkà nínú èdè ilẹ̀ Áfíríkà. Ẹ̀kọ́ ńlá ni. Ìdáhùn rẹ̀ nípa ọ̀la ni a kò gbọdọ̀ gbà láìyẹ̀ ẹ́ wò, pàápàá bí èdè tí ó wà lẹ́nu wa bá ń sọ ohun mìíràn. Ìgbésí ayé tirẹ̀ gan-an sì wà lára ẹ̀rí tí ó tako ìdáhùn náà. Nígbà tí ó darúgbó, ó jókòó ti Májẹ̀mú Titun ní èdè Gíríìkì, ó sì túmọ̀ rẹ̀ tààrà sí Kikamba. Ọdún 2014 ni ó jáde, nígbà tí ó lé lẹ́ni ọgọ́rin ọdún. Ìbéèrè ògbufọ̀ tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í bi ara rẹ̀ ní ọ̀dọ́, ó padà sí i ní ìgbẹ̀yìn ayé rẹ̀. Àwọn tí yóò ka ìtumọ̀ náà pẹ́ jù lọ, a kò tíì bí wọn nígbà tí ó ń kọ ọ́. Obì ni òun náà gbìn.

Ọlọ́run yóò fi wá sí ìwòyí àmọ́dún.